Hungarian Rhapsody No. 2 ti Liszt: ta ni ọwọ́ rẹ ń fara wé?

AtẹDùùrù

Ẹ̀yin àgbà inú ilé yìí, ẹ kú ìjókòó o. Orin dùùrù kan, Hungarian Rhapsody No. 2 ti Franz Liszt, ni mo gbé wá, èyí tó wà nínú C♯ minor, tí púpọ̀ nínú wa kọ́kọ́ gbọ́ nínú eré Tom and Jerry ti ọdún 1947. Ìbéèrè mẹ́ta ni mo ní.

Àkọ́kọ́, báwo ni kí ènìyàn pín in fún kíkọ́, ibo ló sì yẹ kó kọ́kọ́ dáwọ́ lé? Ìkejì, níbi tí friska, apá kejì tó yára, ti bẹ̀rẹ̀, C♯ òkè ń dún léraléra. Bí eré bá ti yá díẹ̀, àwọn nóòtì kan kì í dún mọ́. Ṣé ìka ló fà á ni àbí dùùrù? Ìkẹta, àwọn kan ní orin ìbílẹ̀ Húngárì ni, àwọn kan ní kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Èwo ni òótọ́, ṣé ó sì kan bí a ṣe máa tẹ̀ ẹ́?

Ìyá Akọrin

AtẹDùùrù, o kú ìsapá. Àwọn yòókù máa dáhùn ti ẹ̀rọ àti ti ìtàn, jẹ́ kí n mú ti pípín.

Liszt fúnra rẹ̀ ti bá wa pín in. Ìṣíde kúkúrú ló kọ́kọ́ wá, ó kọ *Lento a capriccio* sórí rẹ̀. Orí kọ́ọ̀dù C♯ major ló ti bẹ̀rẹ̀, kò sì pẹ́ tó fi wọ C♯ minor. Lẹ́yìn náà ni lassan, apá tó lọ́ra, *Andante mesto*. Friska tẹ̀ lé e. Ó yọ́ wọlé nínú F♯ minor, ó jókòó sórí dominant (kọ́ọ̀dù ohùn karùn-ún), ó ń ga sí i, ó ń yára sí i, títí tó fi já sí F♯ major. Láti ibẹ̀ lọ, tonic (kọ́ọ̀dù ohùn àkọ́kọ́) àti dominant ló ń gbà fún ara wọn. Bó bá yà, C♯ major tàbí A major ló ń yà sí, kì í lọ jìnnà jù bẹ́ẹ̀. Nígbà tó kù díẹ̀ kó parí, gbogbo rẹ̀ á rọlẹ̀ nínú F♯ minor, Liszt á kọ *Cadenza ad libitum*, ìyẹn àyè fún òṣèré láti dá nǹkan tirẹ̀ ṣe, lẹ́yìn náà octave (nóòtì kan náà ní ìsàlẹ̀ àti lókè, tí ọwọ́ kan tẹ̀ pọ̀) á gun òkè, á sọ̀ kalẹ̀, orin á parí. Ìṣẹ́jú 9 sí 11 ni gbogbo rẹ̀ lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ òṣèré.

Ohun tí mo fẹ́ kó o dì mú ju gbogbo ìyẹn lọ ni pé ẹgbẹ́ akọrin Roma (ẹ̀yà tí ọ̀pọ̀ ń pè ní Gypsy) ni Liszt ń kọ sórí dùùrù. Nínú irú ẹgbẹ́ bẹ́ẹ̀, primás ló ń fi fáyólìnì darí, òun ló sì ń ṣe orin lọ́ṣọ̀ọ́ bó ṣe wù ú. Kontrás ń fi fáyólìnì kejì tàbí viola gbé kọ́ọ̀dù lẹ́yìn rẹ̀. Ẹnìkan wà nídìí báàsì ńlá, ẹnìkan ń fun clarinet, ẹnìkan sì jókòó ti cimbalom, ohun èlò olókùn tí wọ́n ń fi ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ méjì lù. Mú pẹ́ńsù, kọ orúkọ ohun èlò sórí ìlà kọ̀ọ̀kan nínú ìwé orin rẹ kó o tó tẹ ohunkóhun. Ìṣíde: primás nìkan ló ń sọ̀rọ̀, gbogbo ẹgbẹ́ ń dúró dè é. Orin lassan tó wà nísàlẹ̀: okùn tó nípọn jù lọ lára fáyólìnì, pẹ̀lú báàsì tó wúwo lábẹ́ rẹ̀. Àwọn nóòtì tí wọ́n tẹ̀ ní lẹ́tà kéékèèké, tó ń ṣàn gòkè bí omi: clarinet tàbí primás. Ìbẹ̀rẹ̀ friska: cimbalom. F♯ major: gbogbo ẹgbẹ́ pátá.

Bí o bá ti mọ ẹni tí ọwọ́ rẹ ń fara wé, o ò ní béèrè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni mọ́ bóyá kó o tẹ̀ ẹ́ wúwo tàbí fẹ́lẹ́.

Ibi tó yẹ kó o bẹ̀rẹ̀ ni lassan, ibẹ̀ náà ni àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ti ń bà á jẹ́ jù. Wo àwọn nóòtì tó ní àmì tóótóó lẹ́gbẹ̀ẹ́, tí nóòtì kúkúrú tẹ̀ lé. Mẹ́ta sí ọ̀kan ni ìwọ̀n wọn: gígùn gba ìdá mẹ́ta, kúkúrú gba ìdá kan. Bí ó bá ti rẹ ènìyàn, ó máa ń sọ ọ́ di méjì sí ọ̀kan láìmọ̀, orin á wá máa yí bí orin ìrẹmọlẹ́kún. Ka mẹ́rin-mẹ́rin sókè nígbà tó o bá ń tẹ̀ ẹ́, kí nóòtì kúkúrú bọ́ sórí "mẹ́rin" gan-an. Metronome (ẹ̀rọ tó ń ka ìlù) ní 72 fún quaver kọ̀ọ̀kan dára láti bẹ̀rẹ̀. Bó bá ti dúró ṣinṣin níbẹ̀ ni kó o tó máa fà á síwá-sẹ́yìn.

Ọwọ́Òsì

Ìyá Akọrin, mo gbà pẹ̀lú yín lórí kíkọ orúkọ ohun èlò, ṣùgbọ́n n ò gbà pé lassan ló yẹ ká fi bẹ̀rẹ̀. Octave ìparí ni kí wọ́n kọ́kọ́ fọwọ́ kàn. Lassan ń fẹ́ òye, òye sì lè dé lọ́sẹ̀ díẹ̀. Octave prestissimo (tó yára jù lọ) ń fẹ́ iṣan tó mọ bí a ṣe ń sinmi láàárín iṣẹ́, ìyẹn sì gba oṣù. Ẹni tó bá fi í sẹ́yìn á parí gbogbo orin, á wá dúró síwájú ojú ìwé tó kẹ́yìn.

Bí mo ṣe ń kọ́ ọ nìyí. Ìṣẹ́jú 5 lójoojúmọ́, kò gbọ́dọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Àtàǹpàkò nìkan ni kó o kọ́kọ́ tẹ̀, ọwọ́ méjèèjì, láìfi ìka kékeré kún un: àtàǹpàkò ló ń mọ ọ̀nà, ìka 5 kàn ń tẹ̀ lé e ni. Lẹ́yìn náà fi ìka òde kún un. Nínú F♯ major, kíì dúdú márààrún ló wà níbẹ̀, funfun méjì péré, B àti E♯. Fi ìka 4 sórí dúdú, ìka 5 sórí funfun, ọwọ́ kò ní máa wọlé-jáde. Tẹ̀ ẹ́ ní mẹ́rin-mẹ́rin: nóòtì mẹ́rin, dúró, jẹ́ kí ọrùn ọwọ́ rọ̀, tún mẹ́rin. Nígbà tí mẹ́rin bá ti rọrùn, sọ ọ́ di mẹ́jọ. Bí apá bá ti ń le láti ìgbọ̀nwọ́ sí ọrùn ọwọ́, dúró lójú ẹsẹ̀. Ìrora níbẹ̀ kì í ṣe àmì pé o ń ṣiṣẹ́ dáadáa, ọ̀nà ìpalára ni.

Ohun tó ń bà á jẹ́ lórí ìtàgé ni pé wọ́n ń bẹ̀rẹ̀ octave náà pẹ̀lú ariwo. Crescendo, ohùn tó ń ga díẹ̀díẹ̀, ni Liszt kọ. Bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú ohùn kékeré, apá fúyẹ́, kó o fi ìwúwo pamọ́ fún ìsọ̀kalẹ̀.

Ti ìyára náà ń kọ́? Ẹ̀yìn ni kó o ti kà á wá sí iwájú. Wá ìyára tó ga jù lọ tí o lè fi tẹ octave ìparí láìsí nóòtì tó ń sọnù. Ká ní 152 ni fún crotchet. Ibẹ̀rẹ̀ F♯ major gbọ́dọ̀ rẹlẹ̀ jìnnà sí i, bóyá 120, kí ibi tí o máa gùn lọ lè ṣẹ́ kù. Ìbẹ̀rẹ̀ friska nínú F♯ minor tún gbọ́dọ̀ rẹlẹ̀ ju ìyẹn lọ. Ẹni tó bá fi 144 wọ F♯ major ti ná owó rẹ̀ tán ṣáájú ọjà.

BàbáAtúndùùrùṣe

Ẹ jẹ́ kí n dáhùn ti C♯ tó ń sọnù. AtẹDùùrù, irú dùùrù wo lo ń lò, èyí tó dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri ni àbí èyí tó tẹ́ sílẹ̀?

AtẹDùùrù

Èyí tó dúró ni, Bàbá. Mo tún ń lo èyí tó jẹ́ oníná, kíì 88.

BàbáAtúndùùrùṣe

Ó dáa. Nínú dùùrù tó dúró, lẹ́yìn tí òòlù bá ti lu okùn, kíì gbọ́dọ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ padà sókè pátápátá kí ẹ̀rọ inú rẹ̀ tó lè gbá òòlù mú lẹ́ẹ̀kejì. Bí o bá tún tẹ̀ ẹ́ ní àárín ọ̀nà, kíì á lọ sílẹ̀, òòlù kò ní lọ síbì kankan. Dùùrù tó tẹ́ sílẹ̀ ní ọ̀nà mìíràn: apá kékeré kan tí sípíríìngì gbé dúró ń mú kí òòlù ṣe tán láti tún lù nígbà tí kíì kò tíì padà sókè tán. Sébastien Érard ló ṣe é, wọ́n sì gba ìwé àṣẹ lórí rẹ̀ ní 1821 ní London, dùùrù Érard sì ni Liszt fi ṣe orúkọ láti kékeré. Irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ ló wà lọ́kàn rẹ̀ nígbà tó ń kọ nóòtì wọ̀nyẹn.

Nítorí náà, lórí dùùrù tó dúró:

Yí ìka padà lórí nóòtì kọ̀ọ̀kan, 3-2-1 tàbí 4-3-2-1. Má fi ìka kan ṣoṣo gbá a. Bí ìka kan bá ti fà sẹ́yìn kúrò lórí kíì, èyí tó ń bọ̀ á ti bá kíì lókè. Fífà ìka sẹ́yìn sí àtẹ́lẹwọ́ ló ń jẹ́ kí kíì padà, kì í ṣe títẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. Ṣọ́ ọ dáadáa: ẹni tó ń pàdánù nóòtì kì í tẹ̀ ẹ́ rọra jù, kì í jẹ́ kó padà sókè tó ni.

Lẹ́yìn ìyẹn, yẹ ẹ̀rọ wò. Tẹ C♯ yẹn jẹ́jẹ́, kó o wo òòlù. Bí kíì bá kọ́kọ́ lọ díẹ̀ kí òòlù tó mira, àlàfo ti wọ inú ẹ̀rọ. Súkúrúù tàbí bọ́tìnnì tó wà lábẹ́ ẹ̀rọ ni wọ́n fi ń gba àlàfo náà, kíì kọ̀ọ̀kan ló ní tirẹ̀. Bí kíì bá ń lọ́ra láti padà, aṣọ fẹ́ẹ̀tì tó wà nínú ihò kíì ti wú nítorí ọ̀rinrin. Ní ìlú etíkun bí Èkó, èyí ló wọ́pọ̀ jù. Ọ̀rinrin inú yàrá láàárín 40 sí 60 nínú ọgọ́rùn-ún ló yẹ dùùrù. Ẹ má fi òróró sí i láéláé, ẹ má sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fọ́n nǹkankan sí i. Atúndùùrùṣe ní ọ̀pá kan tó ń fi tẹ fẹ́ẹ̀tì náà kó gbòòrò díẹ̀, kò ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ.

Ti oníná: wo inú ìwé rẹ̀ bóyá sensor mẹ́ta ló wà lábẹ́ kíì kọ̀ọ̀kan. Onísensor méjì ń ṣe bíi dùùrù tó dúró, kíì gbọ́dọ̀ padà sókè dáadáa. Onísensor mẹ́ta ń gbà kó o tún tẹ̀ ẹ́ ní àárín ọ̀nà. Tún wo polyphony rẹ̀, ìyẹn iye ohùn tó lè dún lẹ́ẹ̀kan náà. Bí ó bá jẹ́ 64, tí o sì tẹ pẹ́dàlì mọ́lẹ̀ nínú octave ìparí, báàsì tó o ti tẹ̀ ṣáájú á máa gé kúrò. Èyí tó ní 128 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ kì í sábà ṣe bẹ́ẹ̀.

Kíì61

Ẹ kú àlàyé, Bàbá. Kí ni ẹni tó jẹ́ pé keyboard ṣọ́ọ̀ṣì oníkíì 61 ló ní máa ṣe?

BàbáAtúndùùrùṣe

Orin yìí fẹ́rẹ̀ẹ́ gba gbogbo kíì tán láti òkè dé ìsàlẹ̀, octave márùn-ún kò lè gbà á. Ó lè fi kọ́ ìka nínú friska àárín, ṣùgbọ́n kíì wọn fúyẹ́ jù, agbára tí dùùrù ń fẹ́ kò sí níbẹ̀. Kó wá dùùrù gidi ní ẹ̀ẹ̀mejì lọ́sẹ̀, ó kéré tán.

Ọmọ Àkọsílẹ̀

Ìbéèrè kẹta ló mú mi wọlé, nítorí ọ̀pọ̀ ìwé kékeré ló ń da nǹkan pọ̀ níbẹ̀.

A bí Liszt ní 1811 ní Doborján, abúlé kan tó wà lábẹ́ ìjọba Húngárì nígbà náà, tí orúkọ rẹ̀ ń jẹ́ Raiding, tó sì wà ní Austria lónìí. Kékeré ló ti kúrò nílé, kò gbọ́ èdè Húngárì dáadáa títí ọjọ́ ayé rẹ̀. Ìgbà tó padà wá ṣeré ní ìparí 1839 àti ìbẹ̀rẹ̀ 1840 ló tún gbọ́ àwọn ẹgbẹ́ Roma pẹ̀lú etí àgbà. Láti ìgbà náà ló ti ń kọ àwọn orin Húngárì sílẹ̀ fún dùùrù, inú ìkójọ yẹn sì ni púpọ̀ nínú àwọn Rhapsody ti jáde. Ó kọ No. 2 ní 1847, ó tẹ̀ ẹ́ jáde ní 1851, ó sì yà á sí mímọ́ fún László Teleki, ọlọ́lá tó ṣojú ìjọba ìṣọ̀tẹ̀ Húngárì ní Paris ní 1848 sí 1849. Ní 1851, wọ́n ti tẹ ìṣọ̀tẹ̀ náà rì, Teleki sì wà ní ìgbèkùn. Orúkọ rẹ̀ lórí ìwé orin lọ́dún yẹn kì í ṣe ọ̀ṣọ́ lásán. Mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni Rhapsody tó ti jáde títí di 1853, mẹ́rin tún tẹ̀ lé wọn láàárín 1882 sí 1886, gbogbo rẹ̀ wá di 19.

Orin tó wà nínú rẹ̀ wá láti inú verbunkos. Ijó tí wọ́n fi ń fa àwọn ọ̀dọ́kùnrin wọ iṣẹ́ ológun ni: àwọn ọmọ ogun ẹlẹ́ṣin á wọ aṣọ tó ń dán, wọn á jó lójú agbo, ẹgbẹ́ Roma á sì máa lu orin fún wọn. Ijó náà lọ́ra ní ìbẹ̀rẹ̀, ó yára ní ìparí, wọ́n sì ń gbá gìgísẹ̀ bàtà mọ́ra wọn níbi tí gbólóhùn orin bá parí sí. János Bihari, ọmọ Roma tó gbáyé láti 1764 sí 1827, ni gbajúmọ̀ jù nínú àwọn tó ń fi fáyólìnì lù ú. Nígbà tí ìjọba sọ iṣẹ́ ológun di dandan ní 1849, ìdí fún ijó yẹn tán, ṣùgbọ́n orin rẹ̀ ti wọ inú ìlú, inú csárdás (ijó àwọn ará Húngárì), àti inú gbọ̀ngàn àwọn ọlọ́lá.

Nítorí náà, orin Húngárì ni. Orin àwọn àgbẹ̀ abúlé kọ́ ni. Láti 1905 ni Béla Bartók àti Zoltán Kodály ti bẹ̀rẹ̀ sí í lọ káàkiri abúlé láti gba orin sílẹ̀, ohun tí wọ́n bá níbẹ̀ sì yàtọ̀ gidi: orin ohùn márùn-ún, tí kò gbára lé tonic àti dominant bíi ti Liszt. Liszt náà ní ẹ̀bi tirẹ̀. Nínú ìwé tó tẹ̀ jáde ní Paris ní 1859, ó ní àwọn Roma ló dá orin náà sílẹ̀. Inú bí àwọn ará Húngárì sí i gan-an, nítorí ọ̀pọ̀ nínú àwọn orin ijó yẹn ni àwọn ará Húngárì tí a mọ orúkọ wọn kọ. Àwọn Roma ló ń ṣe é, tí wọ́n ń fún un ní ìṣesí, tí wọ́n sì sọ ọ́ di ohun tí ayé mọ̀. N ò fẹ́ ká kó ọ̀rọ̀ yẹn mì: bí a bá yọ ọwọ́ wọn kúrò, kò sí Rhapsody kankan.

Ó kan títẹ̀ rẹ̀, AtẹDùùrù, ó kàn án púpọ̀. Nínú èdè Húngárì, sílébù àkọ́kọ́ ni wọ́n ń tẹ̀ mọ́ nínú gbogbo ọ̀rọ̀. Bí ohùn ọ̀rọ̀ Yorùbá ṣe ń darí ibi tí orin wa ń gbà gòkè tàbí sọ̀ kalẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni títẹ̀ mọ́ sílébù yẹn ń darí ìlù tiwọn. Gbólóhùn orin wọn máa ń bọ́ sórí ìlù àkọ́kọ́, kì í yọ́ wọlé ṣáájú rẹ̀. Nítorí náà, ìwúwo wà ní iwájú, ìparí sì ń gé bí ìgbà tí gìgísẹ̀ méjì kan ara wọn. Ẹni tó bá ń rọ gbólóhùn náà kó rọra kú lọ ní ìparí ń tẹ̀ ẹ́ bí orin Chopin ni, ijó ti bọ́ nínú rẹ̀.

Ìyá Akọrin

Ọmọ Àkọsílẹ̀, ẹ ṣeun púpọ̀. Ẹ̀yin tí ẹ wà nínú ẹgbẹ́ akọrin ṣọ́ọ̀ṣì, tí ẹ mọ tonic sol-fa, ẹ lè gbọ́ àṣírí ohùn Húngárì inú orin yìí láìfọwọ́ kan dùùrù. Ẹ kọ ọ́ láti *lah*: lah, te, doh, ray, me, fah, soh, lah. Ní báyìí, ẹ gbé ray sókè ní ìdajì ohùn, ẹ sì gbé soh náà sókè ní ìdajì ohùn. Àlàfo méjì tó fẹ̀ á yọ, ọ̀kan láàárín doh àti ray tuntun, ọ̀kan láàárín fah àti soh tuntun. Lórí C♯, ó di C♯, D♯, E, F double-sharp, G♯, A, B♯. Níbikíbi tí ẹ bá ti rí F double-sharp nínú lassan, ẹ má sáré kọjá. Ohùn tó ń rọ̀ mọ́ G♯ ni, kí ọwọ́ tẹ̀ ẹ́ díẹ̀ ju G♯ tó tẹ̀ lé e lọ.

Ẹ jẹ́ kí n fi èyí kún un, torí ó dùn mọ́ mi: sol-fa John Curwen tí àwọn míṣọ́nnárì mú dé ọ̀dọ̀ wa náà ni Kodály rí ní Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tó mú àmì ọwọ́ rẹ̀ lọ sí Húngárì, tí gbogbo ilé ẹ̀kọ́ wọn fi ń kọ́ ọmọ lórin.

Ti Ọwọ́Òsì, mo gbọ́. Ẹ fi octave sí ìṣẹ́jú 5 ìbẹ̀rẹ̀ lójoojúmọ́, ẹ fi àkókò tó kù sórí lassan. Àwa méjèèjì ti rí tiwa gbà nìyẹn.

Ọwọ́Òsì

Mo fara mọ́ ọn.

Jẹ́ kí n sọ ti ọwọ́ òsì nínú F♯ major, torí ibẹ̀ ló ń dun àwọn ènìyàn jù lẹ́yìn octave. Báàsì lórí ìlù, kọ́ọ̀dù lẹ́yìn ìlù: esztam ni àwọn akọrin ibẹ̀ ń pè é. Ènìyàn méjì ni nínú ẹgbẹ́, onibáàsì ńlá àti kontrás, ọwọ́ òsì kan ṣoṣo ló wá ń ṣe é. Nítorí náà, kí ohùn méjèèjì má dọ́gba. Báàsì gbọ́dọ̀ ní ara, kọ́ọ̀dù gbọ́dọ̀ kúrú, kó fúyẹ́, kó gé.

Fífò ni ìṣòro. Tẹ báàsì, fò lọ sórí kọ́ọ̀dù lójú ẹsẹ̀, ṣùgbọ́n má tẹ̀ ẹ́: kàn fi ìka kan ojú kíì, kó o yẹ̀ ẹ́ wò bóyá gbogbo ìka wà níbi tó yẹ, lẹ́yìn náà kó o tẹ̀ ẹ́. Ṣe é bẹ́ẹ̀ ní 60. Ọwọ́ tó ti dé kí àkókò rẹ̀ tó pé kì í ṣìnà. Apá ló ń gbé ọwọ́ lọ ní ìlà tó rẹlẹ̀ lórí kíì, má fò bí afárá. Nígbà tí o bá ti lè pa ojú dé tẹ bar mẹ́jọ láìṣìnà ní 80, máa fi 4 kún metronome. Bí nóòtì méjì bá ti sọnù nínú bar mẹ́jọ, padà sẹ́yìn ní 8, má jà á.

AtẹDùùrù

Ẹ ṣeun, ẹ̀gbọ́n. Pẹ́dàlì ń kọ́? Bí mo bá gbé e mọ́lẹ̀ níbi cimbalom, ó ń dàpọ̀. Bí mi ò bá sì gbé e mọ́lẹ̀, ó gbẹ bí igi.

Ọmọ Àkọsílẹ̀

Ìtàn cimbalom fúnra rẹ̀ lè ràn ọ́ lọ́wọ́. Ọdún 1874 ni József Schunda ní Budapest ṣe cimbalom ńlá tó ní pẹ́dàlì tó ń pa ohùn. Èyí tí Liszt gbọ́ ṣáájú 1847 kéré, wọ́n ń gbé e rìn, kò sì ní pẹ́dàlì. Ohùn kọ̀ọ̀kan ń dún lọ títí tó fi kú fúnra rẹ̀. Nítorí náà, ìdàpọ̀ díẹ̀ tọ́ síbẹ̀.

Ọwọ́Òsì

Bẹ́ẹ̀ ni, ṣùgbọ́n okùn dùùrù òde òní gùn, ó sì nípọn, ìdàpọ̀ rẹ̀ pọ̀ ju ti cimbalom kékeré lọ. Ìdá kan nínú mẹ́rin pẹ́dàlì ni kó o tẹ̀ nínú ìbẹ̀rẹ̀ friska: kí aṣọ tó ń pa okùn kàn án díẹ̀, kó má kúrò pátápátá. Pààrọ̀ rẹ̀ bí báàsì bá yí padà. Nínú F♯ major, tẹ pẹ́dàlì pẹ̀lú báàsì, gbé e sókè kí kọ́ọ̀dù tó dún tán, kí esztam lè gé. Nínú lassan, pààrọ̀ rẹ̀ pẹ̀lú kọ́ọ̀dù kọ̀ọ̀kan, má sì jẹ́ kó bo àwọn ìdákẹ́jẹ́ tí Liszt kọ. Ìdákẹ́jẹ́ wọ̀nyẹn jẹ́ apá kan ijó.

Dùùrù oníná tó jẹ́ pé pẹ́dàlì rẹ̀ kì í ṣe ju "tàn" àti "kú" lọ kò lè ṣe ìdá mẹ́rin. Ra pẹ́dàlì tó mọ ìdajì.

Kíì61

Ẹ jọ̀ọ́, cadenza ńkọ́? Ìwé orin sọ pé kí n ṣe é bó bá wù mí. Ṣé mo gbọ́dọ̀ ṣe é?

Ìyá Akọrin

Àyè ni Liszt fi sílẹ̀, kò fi dandan mú ẹnikẹ́ni. Ọ̀pọ̀ òṣèré ń kọjá lọ sórí octave láìṣe é, kò sì sí àbùkù níbẹ̀. Rachmaninoff kọ tirẹ̀, ó sì gbà á sílẹ̀ fún ilé iṣẹ́ Edison ní 1919. Marc-André Hamelin kọ tirẹ̀ ní 1997, ó gùn, ó le, kì í ṣe ti akẹ́kọ̀ọ́. Horowitz tún orin náà kọ fúnra rẹ̀ ní tirẹ̀, ó sì tẹ̀ ẹ́ ní Carnegie Hall ní 1953.

Bí o bá fẹ́ ṣe tìrẹ, kó má ju ìṣẹ́jú kan lọ. Mú orin lassan kan, gbé e lọ sínú F♯ minor, ṣe é bí primás tó ń dá sọ̀rọ̀, lẹ́yìn náà jókòó sórí C♯ dominant pẹ̀lú trill, kí octave lè jáde láti ibẹ̀. Ohun tó ń ba cadenza akẹ́kọ̀ọ́ jẹ́ ni pé wọ́n ń mú kọ́ọ̀dù jazz wọ inú rẹ̀ lójijì. Ìparí orin tó tẹ̀ lé e jẹ́ tonic àti dominant gbangba, á wá dà bí ẹni pé ó tálákà.

Fún etí, gbọ́ György Cziffra. Budapest ni wọ́n bí i ní 1921, inú ìdílé Roma, ilé ọtí ló sì ti fi dùùrù jẹun kó tó di gbajúmọ̀ káyé. Má fara wé ìyára rẹ̀. Gbọ́ bó ṣe ń dúró kí ìlù àkọ́kọ́ tó bọ́, àti bí ọwọ́ òsì rẹ̀ kì í ṣe tẹ̀ lé ọwọ́ ọ̀tún nígbà tí ìyẹn bá ń ṣeré.

AtẹDùùrù

Bí ọwọ́ ènìyàn kò bá tíì tó èyí, èwo ló lè fi mú ara gbóná?

Ọwọ́Òsì

Schubert, *Ungarische Melodie*, D. 817, nínú B minor. 1824 ló kọ ọ́ ní Zseliz, níbi tó ti ń kọ́ àwọn ọmọ ìdílé Esterházy ní orin. Kò pẹ́, kò le, nóòtì olóótóótóó mẹ́ta sí ọ̀kan yẹn sì kún inú rẹ̀. Ẹni tó bá lè tẹ̀ ẹ́ dáadáa ti gbọ́ lassan.

Lẹ́yìn rẹ̀, Rhapsody No. 3 ti Liszt nínú B♭ major, ó kúrú, cimbalom pọ̀ nínú rẹ̀, octave rẹ̀ kò pa ènìyàn. Hungarian Dances ti Brahms náà dára: ọwọ́ mẹ́rin ló kọ́kọ́ kọ wọ́n fún ní 1869, ó sì fúnra rẹ̀ tún mẹ́wàá àkọ́kọ́ kọ fún ọwọ́ méjì ní 1872. Ẹ̀yà ọwọ́ méjì yẹn le ju bó ṣe ń dún létí lọ. Bí o bá ní ẹnìkejì, ẹ tẹ ti ọwọ́ mẹ́rin, kó o jókòó sí apá ìsàlẹ̀ kí esztam wọ̀ ọ́ lára.

Ọmọ Àkọsílẹ̀

Nígbà tí ẹ bá ń tẹ No. 5 ti Brahms, ẹ rántí pé csárdás tí Béla Kéler kọ ni orin inú rẹ̀. Brahms rò pé orin ìbílẹ̀ tí a kò mọ ẹni tó kọ ọ́ ni.

AtẹDùùrù

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín. Ìwé orin wo ni kí n tẹ̀ lé? Èyí tí mo ní kò sọ ẹni tó ṣètò rẹ̀, nọ́ńbà ìka sì pọ̀ nínú rẹ̀.

Ìyá Akọrin

Orin náà ti kúrò lábẹ́ ẹ̀tọ́ aṣẹ̀dá, o lè rí àwọn ẹ̀dà àtijọ́ lọ́fẹ̀ẹ́ lórí IMSLP, àká ìwé orin orí ayélujára. Fún iṣẹ́ gidi, ra ti ilé ìtẹ̀wé Henle tàbí ti Editio Musica Budapest. Ìyàtọ̀ tó ṣe pàtàkì ni pé àwọn alátúnṣe àtijọ́ máa ń fi pẹ́dàlì àti àmì ìyára tiwọn kún ti Liszt láìsọ, o ò sì ní mọ èwo ni ti ta. Gbé méjèèjì sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn, fi pẹ́ńsù pa gbogbo ohun tí kò sí nínú ti Henle, lẹ́yìn náà kó o wá kọ nọ́ńbà ìka tìrẹ, torí ọwọ́ kò dọ́gba.

BàbáAtúndùùrùṣe

Kó o sì pe ẹni tó máa wo C♯ yẹn kó o tó pé ọ̀sẹ̀ kejì lórí friska. Ìka tó bá ti kọ́ bí a ṣe ń tẹ kíì tó lọ́ra á máa tẹ èyí tó yá bákan náà, ó sì máa ń pẹ́ kó tó gbàgbé.